Ìgò Kan, Ṣíbí Kan

Ìyá ọkọ mi kò mọ oúnjẹ díẹ̀ sè. Kì í ṣe ọ̀rọ̀ àṣejù. Láti ìgbà tí wọ́n ti wọ ilé ọkọ ní Èkìtì ni wọ́n ti ń dáná fún ilé tó kún fọ́fọ́: ọkọ wọn, orogún wọn, ọmọ tiwọn àti ti orogún, pẹ̀lú àwọn alágbàṣe tó ń bá wọn ro oko kòkó. Nígbà tí bàbá ọkọ mi kú, tí àwọn ọmọ tú ká síbi iṣẹ́ àti sílé ọkọ, ẹnu dín kù nídìí ìkòkò, ṣùgbọ́n ọwọ́ Màmá kò mọ̀ pé ó ti dín kù.

Wọ́n wá bá wa ní Òkókómáíkò ní apá ìparí àwọn ọdún 1980, nígbà tí mo bí àkọ́bí mi, ọmọkùnrin. Yàrá kan là ń gbé, nínú ilé gígùn kan tí àwọn yàrá rẹ̀ dojú kọ ara wọn, tí ọ̀dẹ̀dẹ̀ tóóró kan sì là wọ́n láàárín. Òkùnkùn kì í kúrò nínú ọ̀dẹ̀dẹ̀ náà, àní lọ́sàn-án. Kànga wà lẹ́yìn ilé, ilé ìdáná tí gbogbo ayálégbé jọ ń lò sì wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Ọkọ mi ń ṣe akọ̀wé ní ọ́fíìsì ìjọba kan ní Ìkẹjà. Kí ilẹ̀ tó mọ́ ló ń jáde, ilẹ̀ á ti ṣú kó tó wọlé. Èmi jẹ́ tíṣà ní ilé ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ kan ní Ìbà, ìṣirò sì ni mo fẹ́ràn jù láti kọ́ àwọn ọmọ.

Ìwẹ̀ ọmọ ni Màmá bá wá. Wọ́n gbé ọṣẹ dúdú, adín àti iṣu wá, pẹ̀lú aṣọ òfì kékeré kan tí orogún wọn fi ránṣẹ́ sí ọmọ tuntun. Wọ́n mọ ọmọ wẹ̀. Wọ́n á tẹ́ ẹ sórí ẹsẹ̀ wọn méjèèjì, wọ́n á fi omi lílọ́wọ́ọ́wọ́ na eegun rẹ̀ síbí, na án sọ́hùn-ún, wọ́n á máa ki oríkì ilé rẹ̀ fún un títí yóò fi sùn lọ. Mo máa ń jókòó lórí ibùsùn máa wò wọ́n. Ìyá mi ti kú kí n tó wọ ilé ọkọ, nítorí náà, ọwọ́ wọn yìí ni mo mọ̀ sí ọwọ́ ìyá nígbà náà.

Oúnjẹ nìkan ló dá ìjọ̀ngbọ̀n sílẹ̀. Ìrẹsì tí wọ́n kọ́kọ́ sè fún wa, ọkọ mi kó ṣíbí kan sẹ́nu, ojú rẹ̀ sì yí padà.

"Màmá," ó ní, "ẹ ti da iyọ̀ gbogbo Èkìtì sínú ìkòkò kan."

Màmá wo ìkòkò náà bí ẹni pé òun ló jẹ̀bi. "Ìkòkò yín ló kéré," wọ́n ní.

A rẹ́rìn-ín lọ́jọ́ náà. Ṣùgbọ́n bó ṣe rí lọ́jọ́ kejì náà nìyẹn, àti lọ́jọ́ tó tẹ̀ lé e. Mo wá ń ṣọ́ wọn nídìí sítóòfù. Wọ́n ń dín ìrẹsì kù, nítorí wọ́n rí i pé ìkòkò kò gbà á. Wọ́n ń dín ata àti epo kù. Iyọ̀ nìkan ni wọn kì í dín. Ìkúnwọ́ kan náà tí wọ́n ń dà sínú ìkòkò àwọn alágbàṣe ni wọ́n ń dà sínú tiwa.

Lọ́jọ́ Sátidé kan, mo bá wọn jókòó sórí àpótí nínú ilé ìdáná. Mo gbé agolo mílíìkì kan àti ṣíbí ìpotíì kan dání.

"Màmá, tí ẹ bá ń se ìrẹsì ọjọ́ Àìkú nílé, agolo yìí mélòó ló máa ń gbà?"

Wọ́n ronú. "Á tó méjìlá."

"Iyọ̀ ńkọ́?"

Wọ́n ki ọwọ́ sínú iyọ̀, wọ́n bù ú. Mo ní kí wọ́n dà á sórí àwo, mo sì fi ṣíbí wọ̀n ọ́n. Ṣíbí mẹ́fà ni.

"Ẹ wò ó, agolo méjìlá, ṣíbí mẹ́fà. Ìyẹn ni pé agolo méjì ló ń jẹ ṣíbí iyọ̀ kan. Ní ilé wa níbí, agolo mẹ́rin là ń sè. Ṣíbí iyọ̀ mélòó?"

Màmá fi ìka ka agolo mẹ́rin náà, méjì, méjì. "Méjì," wọ́n ní. Lẹ́yìn náà ni wọ́n wo àwo iyọ̀ yẹn. "Ah! Mẹ́fà ni mo ti ń dà sí i!"

"Ìdí tí ẹnu wa fi ń bó nìyẹn, Màmá."

"Ìwọ tíṣà yìí! Ṣé iyọ̀ náà mọ̀ pé àwa mẹ́ta péré ni?"

"Kò mọ̀. Ẹ̀yin lẹ máa sọ fún un."

Mo ṣàlàyé fún wọn bí mo ṣe máa ń ṣàlàyé fún àwọn ọmọ kíláàsì mi, pé gbogbo ohun tó wà nínú ìkòkò ló gbọ́dọ̀ jọ gòkè, kí wọ́n sì jọ sọ̀kalẹ̀. Bí ìrẹsì bá sọ̀kalẹ̀ tí iyọ̀ dúró sókè, ìkòkò ti bàjẹ́. Bí ó bá sì jẹ́ pé àlejò dé, tí ìrẹsì gòkè, tí iyọ̀ jókòó sísàlẹ̀, ìkòkò ti tẹ́. Wọ́n ní ó yé wọn. Láti ọjọ́ náà ni oúnjẹ wọn ti dùn. Wọ́n á máa kà á sókè bí wọ́n ṣe ń bù ú, agolo méjì, ṣíbí kan, agolo méjì, ṣíbí kan. Ìyá kan tó jẹ́ Ègùn, tó ń gbé yàrá tó kọjú sí tiwa, máa ń fi wọ́n ṣe yẹ̀yẹ́ pé wọ́n ti wọ ilé ìwé lójú ogbó. Inú Màmá á dùn.

Lọ́jọ́ tí ọmọ fẹ́ gba abẹ́rẹ́ àjẹsára, èmi àti Màmá jọ gbé e lọ sí kílíníìkì. Nọ́ọ̀sì kan kó gbogbo ìyá jọ sábẹ́ igi lóde, ó sì kọ́ wa bí a ṣe ń po omi oníyọ̀ àti ṣúgà fún ọmọ tó bá ń yàgbẹ́ gbuuru. Wọ́n ń kọ́ àwọn ìyá ní irú rẹ̀ káàkiri nígbà náà.

"Ìgò bíà kan ni kí ẹ bu omi tó mọ́ sí," nọ́ọ̀sì wí, "tàbí ìgò mínírà méjì."

"Ọlọ́run má jẹ́ kí ìgò bíà wọ ilé ọmọ mi," Màmá wí, àwọn obìnrin sì bú sẹ́rìn-ín.

"Ó dáa, Màmá, ìgò mínírà méjì ni tiyín. Ṣíbí ìpotíì kan iyọ̀, kó tẹ́ pẹrẹsẹ. Ṣíbí ìpotíì mẹ́wàá ṣúgà. Ẹ má dín in o, ẹ má fi kún un. Oògùn ni."

Ó ní kí gbogbo wa sọ ọ́ tẹ̀ lé òun, a sì sọ ọ́. Ohùn Màmá ló gòkè jù. Títí a fi dé ilé ni wọ́n ń sọ ọ́ lẹ́nu: ṣíbí iyọ̀ kan, ṣíbí ṣúgà mẹ́wàá, ẹ má dín in, ẹ má fi kún un. Ọkọ mi ra mínírà méjì lọ́nà ibi iṣẹ́, a mu ún, mo fọ àwọn ìgò náà, mo sì gbé wọn sójú fèrèsé.

Ìsinmi ìbímọ mi parí, mo padà sẹ́nu iṣẹ́. Ọmọ náà ti ń jókòó fúnra rẹ̀ nígbà yẹn. Òjò ọdún náà kò ṣe é bá ṣeré. Omi kún agbègbè wa dé orókùn, ó wọ inú ṣáláńgá, ó sì wọ inú kànga. Nígbà tí ó fà, omi kànga ti yí àwọ̀ padà. À ń sè é kí a tó mu ún, ṣùgbọ́n epo òyìnbó wọ́n, àwọn mìíràn nínú ilé kò sì lè máa sè é lójoojúmọ́. Ìgbẹ́ gbuuru mú ọmọ kan ní yàrá ìparí, ara rẹ̀ sì yá. Lẹ́yìn náà ló kan ọmọ tiwa.

Ní alẹ́ tó bẹ̀rẹ̀, èmi fúnra mi ni mo po omi náà. Mo bu omi tó kún ìgò méjèèjì sínú jọ́ọ̀gì, mo fi iyọ̀ àti ṣúgà sí i, mo rò ó, mo sì dà á padà sínú ìgò. Màmá dúró tì mí, wọ́n ń wò mí. Ọmọ náà mu ún díẹ̀díẹ̀, ó sì sùn. Nígbà tí ilẹ̀ mọ́, ó ṣì ń yàgbẹ́, ṣùgbọ́n ojú rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó sì rẹ́rìn-ín sí mi. Ọ̀sẹ̀ ìdánwò ni, kò sí tíṣà tí wọ́n gbà láàyè láti jókòó sílé. Màmá ní, "Máa lọ. Ṣé mi ò ti tọ́ ọmọ rí ni?" Mo fún ọmọ lọ́mú, mo sì lọ.

Nígbà tí mo dé lọ́sàn-án, ìyá Ègùn yẹn ló pàdé mi lẹ́nu ọ̀nà. "Ìyá ọmọ, ẹ yára," ó ní, "n kò fẹ́ràn bí ọmọ yìí ṣe ń sunkún."

Ọmọ wà lórí ẹsẹ̀ Màmá. Ẹnu rẹ̀ gbẹ, ètè rẹ̀ bó, ó ń sunkún, ṣùgbọ́n omi kò jáde lójú rẹ̀. Ara rẹ̀ gbóná. Gbogbo ìgbà tí ṣíbí bá ti sún mọ́ ọn ló ń fi ẹnu já a gbà bí ẹni tí òùngbẹ fẹ́ pa.

"Ó ń mu ún dáadáa," Màmá wí, inú wọn dùn díẹ̀. "Ó ti mu ìgò kan tán. Òmíràn tí mo pò ni mo ń fún un yìí."

Mo gbé ìgò náà, mo tọ́ ọ wò. Ó dùn, ó sì tún ní iyọ̀ bí omi òkun.

"Màmá, báwo lẹ ṣe pò ó?"

"Ìgò kan bọ́ lọ́wọ́ mi létí kànga láàárọ̀, ó fọ́. Ìgò kan tó kù ni mo fi pò ó. Má bẹ̀rù, n kò dín nǹkan kan kù. Ṣíbí iyọ̀ kan, ṣíbí ṣúgà mẹ́wàá, bí nọ́ọ̀sì ṣe wí gẹ́lẹ́."

Omi ti di ìdajì, iyọ̀ dúró síbi tó wà. Mo bu omi sísè tó ti tutù nínú kẹ́tù, mo fi ṣíbí fún ọmọ, mo pọ̀n ọ́n, mo sì jáde. Màmá àti ìyá Ègùn náà sáré tẹ̀ lé mi. A dá kabúkabú kan dúró lójú títì Bàdágìrì, a ní kó gbé wa lọ sí ọsibítù. Kí a tó débẹ̀ ni gìrì mú ọmọ náà lẹ́yìn mi. Mo mọ̀ ọ́n bí ara rẹ̀ ṣe le gbandi mọ́ mi lẹ́yìn.

Dókítà ọ̀dọ́ kan ló gbà á. Wọ́n wá iṣan ara rẹ̀ títí, wọ́n sì fa omi sí i lára níkẹyìn. Dókítà náà bi mí ohun tí a ti fún un. Èdè òyìnbó la fi sọ ọ́. Mo sọ nípa ìgò, mo sọ nípa ṣíbí. Ó bi mí lẹ́ẹ̀kejì pé ìgò wo, mo sì fi ọwọ́ ṣàpèjúwe bí ó ṣe tóbi tó. Ó kọ̀wé síbi kan, kò wo ojú mi. Màmá dúró tì wá, wọ́n di etí aṣọ tí mo fi pọn ọmọ mú. Wọ́n ń wo ẹnu wa, ṣùgbọ́n wọn kò gbọ́ ohun tí à ń sọ.

Ní ọ̀sán ọjọ́ kejì ni ọmọ náà dákẹ́.

Mo bi dókítà náà bóyá omi yẹn ni. Ó ní àrùn náà ti le nínú rẹ̀, ọmọ mélòó kan ló ti pa láàárín òjò yẹn. Ó ní iyọ̀ náà pọ̀ jù fún un pẹ̀lú. Ó ní, "Kò sí ẹni tó lè ya méjèèjì sọ́tọ̀ fún ọ." Mo rò pé ó fẹ́ ṣàánú mi ni. Bóyá òótọ́ sì ni.

Àwọn ọkùnrin ilé ló lọ sin ín, bàbá onílé wa ló ṣáájú wọn. Ọmọ bíbí ìlú Ọ̀jọ́ ni, Mùsùlùmí àgbàlagbà. Ó wá jókòó tì wá lórí ẹní, ó ní kí Ọlọ́run fi èyí ṣe òpin. Wọn kò jẹ́ kí èmi àti ọkọ mi mọ ibi tí wọ́n sin ín sí, bí a ṣe ń ṣe é nìyẹn. Màmá tú gèlè, wọ́n jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ lẹ́bàá ilẹ̀kùn, wọ́n ń sọ ohun kan náà ní gbogbo ìgbà: "Mo ṣe gbogbo ohun tí wọ́n ní kí n ṣe. Mo ṣe gbogbo rẹ̀. Kí ló kù tí n kò ṣe?" Àwọn obìnrin ń dá wọn lóhùn pé, "Ẹ ṣe é, Màmá, ẹ ṣe é."

Nígbà tí èrò túká, mo sọ fún ọkọ mi. Ó gbé orí lé ọwọ́.

"Ṣé wọ́n mọ̀?" ó bi mí.

"Wọn kò mọ̀."

"Má jẹ́ kí wọ́n mọ̀. Jọ̀ọ́. Wọn ò ní lè gbé e, á pa wọ́n."

Mo gbà. Mo rò pé ó tọ́ bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n ohun tí ẹnu mi kò sọ, ara mi ń sọ ọ́. N kò lè jẹ oúnjẹ wọn mọ́. Wọ́n á bu àwo síwájú mi, n óò ní ebi kò pa mí. Bí mo bá gbọ́ tí wọ́n ń ka agolo àti ṣíbí nínú ilé ìdáná, n óò dìde, n óò jáde lọ sójú títì, n óò máa wo àwọn ọkọ̀ akẹ́rù tó ń kó tẹlifíṣàn àti fìríìjì lọ sí Ọjà Àlàbá títí ilẹ̀ á fi ṣú. Wọ́n fura pé ohun kan ń ṣe mí sí wọn. Wọn kò béèrè. Ní ọjọ́ kan, wọ́n di ẹrù wọn.

"Ìyàwó mi, n óò máa lọ sílé," wọ́n ní. "Aṣọ òfì kékeré tí orogún mi fún ọmọ, ṣé ó ṣì wà?"

Mo rò pé ìrántí ni wọ́n fẹ́ fi ṣe. Mo wá a nísàlẹ̀ àpótí, mo fà á lé wọn lọ́wọ́. Wọ́n ká a mọ́ inú ìró wọn, wọn kò sì fọwọ́ kan àwọn aṣọ ọmọ yòókù.

Ní sáà tó tẹ̀ lé e, orí tí ìwé ìṣirò ń pè ní réṣíò kàn. Bí a bá fi ìyẹ̀fun tó tó báyìí dín pọfupọ́fù fún ènìyàn mẹ́rin, báwo ni èyí tí a óò fi dín in fún méjìlá ṣe máa pọ̀ tó. Mo kọ ọ́ sójú pátákó, mo yíjú sí àwọn ọmọ náà, mo sì tún nù ún kúrò. Mo bẹ tíṣà kíláàsì kejì pé kó bá mi kọ́ wọn, mo ní orí ń fọ́ mi. Fún ọdún mélòó kan, bẹ́ẹ̀ ni mo ṣe ń fo orí náà.

A kó kúrò ní Òkókómáíkò. A rí yàrá àti pálọ̀ kan gbà ní Ìbà, ìrìn díẹ̀ sí Ìyànà-Ìbà, àárín àwọn akẹ́kọ̀ọ́ àti òṣìṣẹ́ yunifásítì. Ọlọ́run tún fún wa ní ọmọ, obìnrin. Màmá kò wá fún ìwẹ̀ rẹ̀. Wọ́n ránṣẹ́ pé ẹsẹ̀ ń dun àwọn, wọ́n sì fi àbúrò wọn rọ́pò. Ìgbà tí ojú wọn bẹ̀rẹ̀ sí í ṣú, láàárín àwọn ọdún 1990, ni ọkọ mi lọ fi tipátipá mú wọn wá, kí dókítà ojú lè yẹ̀ wọ́n wò. Wọ́n ti rù. Wọ́n ń fi ọwọ́ wá ògiri kí wọ́n tó rìn. Ọmọbìnrin wa ti wà ní ilé ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀, àwọn méjèèjì sì fẹ́ràn ara wọn lójú ẹsẹ̀. Ó máa ń jókòó ti ìyá bàbá rẹ̀ yìí ṣe iṣẹ́ àṣetiléwá, á sì máa kà á sókè nítorí pé Màmá ní àwọn fẹ́ gbọ́.

Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kan, mo ń ká aṣọ lórí okùn níta fèrèsé. Mo gbọ́ ohùn ọmọ mi.

"Màmá àgbà, ẹ gbọ́ èyí. Tíṣà wa ní, bí ìgò mínírà méjì omi bá gba ṣíbí iyọ̀ kan àti ṣíbí ṣúgà mẹ́wàá, mélòó ni ìgò mínírà kan máa gbà?"

"Ìdajì ṣíbí iyọ̀, ṣíbí ṣúgà márùn-ún!" ọmọ náà dá ara rẹ̀ lóhùn. "Tíṣà ní tí èèyàn bá fi gbogbo rẹ̀ sínú ìgò kan, ó lè pa ọmọ."

"Tún un sọ," Màmá wí.

Ó tún un sọ. Mo dúró níbi okùn pẹ̀lú aṣọ lọ́wọ́. N kò lè wọlé, n kò sì lè kúrò níbẹ̀.

Wọn kò jẹun lálẹ́ ọjọ́ náà. Láàárọ̀, lẹ́yìn tí ọkọ mi àti ọmọ ti jáde, wọ́n pè mí. Wọ́n jókòó sétí ibùsùn, wọ́n ti wọ aṣọ.

"Ìyàwó mi, ìgò kan ni mo fi pò ó lọ́jọ́ náà."

"Bẹ́ẹ̀ ni, Màmá."

"Oúnjẹ ni o kọ́ mi láti máa dín kù. Nọ́ọ̀sì ní oògùn ni èyí, ẹ má dín in. Mo rò pé a kì í dín oògùn òyìnbó kù." Wọ́n kọjú sí mi. "O ti mọ̀?"

"Mo ti mọ̀."

"Láti ìgbà wo?"

"Láti ọjọ́ tí mo tọ́ ọ wò."

Mo kúnlẹ̀. Mo bẹ̀rẹ̀ sí í sọ ohun tí dókítà wí, pé àrùn náà ti le, pé kò sí ẹni tó lè yà wọ́n sọ́tọ̀. Wọ́n gbé ọwọ́ sókè kí n dákẹ́.

"Orogún mi ni mo dì í rù," wọ́n ní.

N kò mọ ohun tí wọ́n ń sọ. Wọ́n wá sọ ọ́ fún mi, pẹ̀lú ohùn kan tí kò gòkè, tí kò sì sọ̀kalẹ̀. Níwọ̀n ìgbà tí wọ́n ti ṣe ohun gbogbo bó ṣe yẹ, tí ọmọ sì kú, wọ́n ní wọ́n mọ̀ pé ọwọ́ ènìyàn kan ló wà nínú rẹ̀. Wọ́n ronú títí, wọ́n sì rántí aṣọ òfì náà. Nígbà tí wọ́n dé ilé láti Òkókómáíkò, wọ́n jù ú sí orogún wọn lójú níwájú ẹbí, wọ́n ní kó wá gba irin iṣẹ́ rẹ̀. Láti ọjọ́ náà ni wọ́n ti ń pe obìnrin náà ní àjẹ́ ládùúgbò, ṣùgbọ́n wọn kò jẹ́ kí ọ̀rọ̀ náà dé etí wa ní Èkó. Àwọn ènìyàn kò rán ọmọ sí i mọ́. Ìyàwó ọmọ tirẹ̀ gan-an kò jẹ́ kó gbé ọmọ òun.

"Gbogbo ọdún yìí," Màmá wí, "ẹ jẹ́ kí n máa bú u."

"A kò mọ̀, Màmá. A kò mọ̀ pé ẹ sọ bẹ́ẹ̀ sí wọn."

"Ẹ̀yin mọ èyí tó yẹ kí n mọ̀," wọ́n ní.

Wọn kò sunkún, wọn kò sì bú mi. Wọ́n ní kí ọmọ wọn gbé wọn lọ sílé kíákíá, pé àwọn kò lọ rí dókítà ojú mọ́. Ọkọ mi bẹ̀ wọ́n títí. Nígbà tó rí i pé wọn kò ní jẹun, ó gbé wọn lọ.

Nígbà tó padà dé, ó jókòó sórí àga láìbọ́ bàtà. Ó ní Màmá ní kí wọ́n pe gbogbo ẹbí jọ, gbogbo àwọn tó wà níbẹ̀ lọ́jọ́ aṣọ òfì. Màmá sọ fún gbogbo wọn pé ọwọ́ àwọn ni ọmọ kú sí. Ìyálé ni wọ́n, síbẹ̀ wọ́n kúnlẹ̀ fún ìyàwó. Orogún náà wò wọ́n títí.

"Kí ló sọ?" mo bi í.

"Ó ní, 'Gbogbo ọdún ni ẹ fi pè mí ní àjẹ́, ọjọ́ kan lẹ fẹ́ fi kúnlẹ̀.' Àwọn àgbà bẹ̀ ẹ́. Ó ní òun ti gbọ́. Ó dìde, ó wọlé, ó sì ti ilẹ̀kùn."

Màmá kò pẹ́ láyé lẹ́yìn ìyẹn. Ojú wọn fọ́ pátápátá, àbúrò wọn ló ń ṣìkẹ́ wọn. Ọkọ mi ní wọn kò dáná mọ́ láti ọjọ́ tí wọ́n ti kúrò ní Ìbà. A sin wọ́n nílé, èrò pọ̀. Nígbà tí mo rí obìnrin arúgbó kan tó dá jókòó sábẹ́ igi òsàn, jìnnà sí àwọn ìyàwó ilé yòókù, kò sí ẹni tó ní láti sọ fún mi pé òun ni. Mo lọ kúnlẹ̀ níwájú rẹ̀, mo kí i.

"Ìwọ ni ìyá ọmọ yẹn?" ó bi mí.

"Èmi ni, mà."

"Wọ́n ní o mọ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀."

"Mo mọ̀, mà. Ṣùgbọ́n n kò mọ̀ pé ẹ̀yin ni wọ́n dì í rù."

Ó wò mí. Ojú rẹ̀ kò le, kò sì rọ̀.

"Dìde," ó ní. "Ilẹ̀ tutù."

Mo dìde. Ó mú ọ̀pá rẹ̀, ó gbé àpótí ìjókòó rẹ̀ sábẹ́ abíyá, ó sì gba ẹ̀yìnkùlé lọ sílé rẹ̀ kí wọ́n tó gbé oúnjẹ jáde.